Gem Tí Kì Í Tán: Ta Ló Ni Server Rẹ̀?

Lábẹ́ bíríìjì Ṣàngó-Ọ̀tà, bí àwọn òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ bá jáde ní ṣíìfù alẹ́, àwọn ọ̀dọ́ inú wọn a máa ta gẹ́ẹ̀mù lórí fóònù kí bọ́ọ̀sì tó kún. Ẹni tó ń ta Clash of Clans, tí kò lówó, á dúró ọ̀pọ̀ ọjọ́ kí ilé kan ṣoṣo tó mọ tán. Ẹni tó lówó á ra gem, owó inú gẹ́ẹ̀mù náà, ilé á parí lójú ẹsẹ̀. Ibẹ̀ ni ọ̀rẹ́ kan á ti sọ pé gem tòun kì í tán, á sì fi APK rẹ̀, ìyẹn fáìlì app Android, ránṣẹ́ láti fóònù sí fóònù.

Ká má fi ojú olè wo gbogbo ẹni tó bá gbà á. Lọ́dún 2022, ọ̀pọ̀ báńkì Nàìjíríà dín ohun tí káàdì náírà lè ná lókè òkun kù sí dọ́là 20 lóṣù; àwọn mìíràn dá a dúró pátápátá. Dọ́là kan tí kò ju nǹkan bíi 460 náírà lọ́wọ́ ìjọba kí wọ́n tó tú náírà sílẹ̀ ní oṣù Kẹfà 2023, ti kọjá 1,400 nígbà tó fi di oṣù Kejì 2024. Gem, tí owó rẹ̀ ń lọ sókè òkun, wá di nǹkan ọlọ́rọ̀. Ayò tí ọmọ rẹ̀ kì í tán, ta ni kò ní fẹ́ ta á?

Ọmọ ayò ṣeé dì mú lọ́wọ́, gem kò ṣeé dì mú. Nọ́ńbà lásán ni, inú kọ̀ǹpútà tí wọ́n ń pè ní server ló sì wà. Supercell ti ilẹ̀ Finland, tó gbé gẹ́ẹ̀mù náà jáde lọ́dún 2012, ló ni server tòótọ́. Àwọn aládàáni ló tú app gẹ́ẹ̀mù náà wò, tí wọ́n mọ bí fóònù ṣe ń bá server sọ̀rọ̀, tí wọ́n gbé tiwọn kalẹ̀, tí wọ́n sì darí app náà sọ́dọ̀ ara wọn. Kí wọ́n kọ mílíọ̀nù mẹ́wàá gem síbẹ̀ kò ná wọn ní kọ́bọ̀.

Inú app náà gan-an ló yẹ kó bani lẹ́rù. Gbogbo app Android ló ní òǹtẹ̀ ẹni tó ṣe é. Ẹni tó bá tún inú rẹ̀ ṣe, òǹtẹ̀ tirẹ̀ ni yóò lù sí i, kò sì sẹ́ni tó mọ ohun mìíràn tó kì mọ́ ọn. Ní oṣù Keje 2016, Pokémon Go ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ní Amẹ́ríkà, kò tíì dé ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè, àwọn èèyàn sì ń wá APK rẹ̀ kiri. Kò pé ọjọ́ mẹ́ta tí ayédèrú kan fi jáde, tí iléeṣẹ́ Proofpoint bá DroidJack nínú rẹ̀, irinṣẹ́ tó ń jẹ́ kí àjèjì ka SMS ẹni. SMS yìí kan náà ni OTP báńkì ń gbà wọlé.

Bí kò bá tilẹ̀ sí olè nínú rẹ̀, ilé ẹlòmíràn ni, wọ́n sì lè tì í nígbàkígbà. Nostalrius, server aládàáni fún World of Warcraft orí kọ̀ǹpútà, ní nǹkan bí 150,000 òǹtayò tó ń wọlé déédéé. Lẹ́tà agbẹjọ́rò Blizzard, iléeṣẹ́ tó ni gẹ́ẹ̀mù náà, dé, wọ́n tì í ní oṣù Kẹrin 2016. Ọdún mẹ́fà ṣáájú, ilé ẹjọ́ Amẹ́ríkà ti ní kí obìnrin tó ni Scapegaming, tó ń gba owó lọ́wọ́ àwọn tó ń ta gẹ́ẹ̀mù lórí server rẹ̀, san dọ́là mílíọ̀nù 88 fún Blizzard.

Ẹni tó bá ní irú APK bẹ́ẹ̀ lórí fóònù tó fi ń ṣe báńkì, kó yọ ọ́ lónìí, kó sì lo fóònù mìíràn láti yí password báńkì rẹ̀ padà.