Ẹ Jẹ́ Ká Mọ̀: Bí A Ṣe Ń Ṣírò Agbára Inú Oúnjẹ

Kìlókálórì ni òṣùwọ̀n agbára tí oúnjẹ ń fún ara. Ẹyọ 1 rẹ̀ lè mú kí omi kílógíráàmù 1 fi dígírì Celsius 1 gbóná sí i.

Ìwádìí Wilbur Atwater, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ará Amẹ́ríkà, ní ìparí ọ̀rúndún 19 ni ìṣirò agbára inú oúnjẹ dúró lé. Iye kìlókálórì nínú gíráàmù 1:

• Afáralókun (iṣu, ìrẹsì): 4
• Amúaradàgbà (ẹ̀wà, ẹyin): 4
• Ọ̀rá àti òróró: 9

Bí gíráàmù 100 bisikíìtì bá ní afáralókun gíráàmù 70, amúaradàgbà 7 àti ọ̀rá 15, ìṣirò rẹ̀ ni 280 + 28 + 135. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ kìlókálórì 443. Ọ̀rá kéré níbẹ̀, síbẹ̀ òun ló mú nǹkan bí ìdá mẹ́ta nínú mẹ́wàá agbára náà wá.