Ọlá Balógun àti Ẹ̀kọ́ Iṣẹ́ Sinimá

Ọ̀nà méjì ni sinimá pín sí. Èkínní ni èyí tí a fi ìtàn àròsọ ṣe; èkejì ni èyí tí ó ń fi ohun tí ó ṣẹlẹ̀ gan-an hàn. Ọ̀pọ̀lọpọ̀ ènìyàn a máa rò pé èkejì kò ṣòro, nítorí pé kò sí òṣèré níbẹ̀. Iṣẹ́ Ọ̀mọ̀wé Ọlá Balógun fi hàn pé bẹ́ẹ̀ kọ́.

Ọmọ Yorùbá ni, ṣùgbọ́n Abá ní ilẹ̀ Ìgbò ni a bí i sí ní 1945. Ó kàwé ní Dakar àti ní ilẹ̀ Faransé, ó sì kọ́ iṣẹ́ sinimá ní Paris, ní ilé-ẹ̀kọ́ IDHEC. Lára iṣẹ́ àkọ́kọ́ rẹ̀ ni àwọn sinimá kúkúrú nípa ohun gidi: One Nigeria ní 1969, Thundergod ní 1971, àti Nupe Masquerade ní 1972. Ẹni tí ó ń ya àwòrán ọdún ìbílẹ̀ kò lè pàṣẹ fún eégún pé kí ó tún ijó jó. Ó ní láti mọ ibi tí yóò dúró, kí ó ní sùúrù, kí àwọn onílé sì fọkàn tán an.

Ní 1975 ó ṣe Amadi ní èdè Ìgbò. Ní 1976 ni Àjàní Ògún jáde, èyí tí a kà sí sinimá gígùn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá. Adéyẹmí Afọláyan àti Dúró Ládiípọ̀, àwọn ọ̀gá eré orí ìtàgé, wà nínú rẹ̀. Àjò kì í dùn kí onílé má re ilé.

Ọ̀nà yìí kò mọ sí ọ̀dọ̀ wa. Bing Liu, tí a bí ní Ṣáínà tí ó sì dàgbà ní Amẹ́ríkà, bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú yíya àwòrán àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí ń gun pátákó onítáyà ṣeré. Láti inú rẹ̀ ni Minding the Gap ti jáde ní 2018, sinimá tí ó sọ nípa ìyà tí wọ́n jẹ nílé nígbà èwe wọn.

Àwọn ọ̀dọ́ wa náà, ní Òjóò àti káàkiri Ìbàdàn, ń fi fóònù ya eré àti àríyá. Kí a má ṣe fojú kéré rẹ̀. Ṣùgbọ́n púpọ̀ nínú sinimá Balógun fúnra rẹ̀ ni ó ṣòro láti rí wò lónìí. Nítorí náà, ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ àti olùkọ́, bí ẹ bá ya àgbà kan ní àwòrán, ẹ béèrè ìyọ̀ǹda rẹ̀, ẹ kọ orúkọ, ìlú àti ọjọ́ sí i, kí ẹ sì tọ́jú ẹ̀dà rẹ̀ sí ibi méjì. Àwòrán tí kò ní orúkọ kò yàtọ̀ sí oríkì tí a kò mọ ẹni tí a ń kì.