Russell Marker: Ọkùnrin tó rí ọ̀nà oògùn nínú iṣu igbó

Bí a bá dé ọjà Adjamé, a ó rí iṣu kponan tí wọ́n tò jọ gègèrè, tí àwọn ìyá wa tó wá láti Ejigbo ń ná an. Ta ló máa gbà gbọ́ pé iṣu wà nínú ìtàn hóró oògùn ìfètò-sọ́mọ-bíbí? Òótọ́ ni, ẹ̀yin òǹkàwé wa. Ọkùnrin tí a ó sọ ìtàn rẹ̀ lónìí ni Russell Marker.

Ọdún 1902 ni wọ́n bí i ní ìpínlẹ̀ Maryland, ní Amẹ́ríkà. Olóríkunkun ni. Nígbà tó kù díẹ̀ kó gboyè ọ̀mọ̀wé ní yunifásítì, wọ́n ní kó lọ kọ́ ẹ̀kọ́ kan kún tirẹ̀. Ó ní ìfàkókò-ṣòfò ni, ó sì fi oyè náà sílẹ̀.

Láyé ìgbà náà, progesterone, èròjà tí ara obìnrin fi ń dá oyún dúró ṣinṣin, wọ́n bí ojú. Ara ẹranko ni wọ́n ti ń fà á yọ, ẹran rẹpẹtẹ ni wọ́n sì ń lò kí wọ́n tó rí bíńtín. Nígbà tí Marker wà ní Penn State, ó rí bí èèyàn ṣe lè fi diosgenin, èròjà inú ewéko, ṣe é. Ibi tí diosgenin ti pọ̀ ló kù tó ń wá.

Nínú ìwé kan ló ti rí àwòrán iṣu igbó ńlá kan tó ń hù ní Veracruz, ní Mexico. Ní 1942, ó wọkọ̀ lọ síbẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni kò gbọ́ èdè Spanish. Olùtajà kan ló bá a wá iṣu náà. Àwọn olè jí i gbé. Ó fún ọlọ́pàá lówó ẹ̀yìn kó tó rí ọ̀kan gbà padà.

Àwọn ilé-iṣẹ́ oògùn kò dá a lóhùn, ló bá fi owó ara rẹ̀ ṣe é. Nǹkan bíi kílò mẹ́ta progesterone ló rí. Ní 1944, òun àti àwọn méjì dá Syntex sílẹ̀ ní Mexico City. Kò pé ọdún méjì tí ìjà owó fi tú wọn ká. Syntex yìí kan náà ni Luis Miramontes, ọmọ Mexico, àti Carl Djerassi pẹ̀lú George Rosenkranz, ti ṣe norethisterone ní 1951. Ní 1960, ìjọba Amẹ́ríkà fọwọ́ sí Enovid, hóró ìfètò-sọ́mọ-bíbí àkọ́kọ́, tí ilé-iṣẹ́ mìíràn ṣe. Marker ló hú iṣu, àwọn ẹlòmíràn ló gún un níyán. Ó kú ní 1995.

Àwọn kan ń bi wá pé: ṣé kí obìnrin máa jẹ iṣu igbó, kó má baà tètè lóyún? Rárá o! Ara èèyàn kò lè sọ diosgenin di progesterone. Inú ilé ìṣèwádìí nìkan ló ti ṣeé ṣe. Ẹni tó bá gbẹ́kẹ̀ lé àgbo tàbí ìpara oníṣu igbó lè lóyún láìròtẹ́lẹ̀.

Ìfètò ni a pè é: kí tọkọtaya fi ètò sí i, kì í ṣe kí wọ́n má bímọ mọ́. Ní Côte d'Ivoire níbí, AIBEF ti wà lẹ́nu iṣẹ́ yìí láti 1979. Hóró tó bá ara ìyá kan mu lè má bá ti òmíràn mu, pàápàá ẹni tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń ru. Nítorí náà, ẹ má yá oògùn lọ́wọ́ aládùúgbò. Ẹ jọ lọ bá nọ́ọ̀sì tàbí dókítà, tọkọtaya.