Àdàlú: Bí Àgbàdo àti Ẹ̀wà Ṣe Ń Di Oúnjẹ Aṣaralóore Nínú Ìkòkò Kan

Nígbà tí òjò bá ti rọ̀ dáadáa nílẹ̀ Yorùbá, tí àgbàdo tuntun sì bẹ̀rẹ̀ sí í wọ ọjà, ẹ̀bá títì kì í ṣàì kún fún àwọn tó ń sun ún àti àwọn tó ń sè é tà. Ṣùgbọ́n nínú ilé, oúnjẹ mìíràn wà tí àsìkò yìí máa ń gbé wá sórí iná. Òun ni àdàlú, ìyẹn ẹ̀wà àti àgbàdo tí wọ́n sè pọ̀ sínú ìkòkò kan, tí wọ́n fi ata, àlùbọ́sà, edé àti epo pupa sí.

Ó ṣeni láàánú pé ọ̀pọ̀ ìdílé ló ti ń wo àdàlú bí oúnjẹ ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ kò tó nǹkan. Bí àlejò bá dé, ìrẹsì funfun ni wọ́n máa ń sáré gbé kaná. Bẹ́ẹ̀, ní àsìkò tí kì í ṣe gbogbo òbí ló lè ra ẹran, ẹja tàbí ẹyin fún ọmọ lójoojúmọ́, ó yẹ kí wọ́n tún ojú wo ohun tó wà nínú ìkòkò yìí. Ọmọ tí kò bá rí oúnjẹ tí ń mú ara dàgbà jẹ tó, kì í ga bó ṣe yẹ, àìsàn kì í sì í jìnnà sí i.

Ìdí tí àwọn méjèèjì fi ń wá ara wọn

Púrótíìnì ni ara ènìyàn fi ń kọ́ iṣan, tó sì fi ń tún ibi tó bá bàjẹ́ lára ṣe. Kì í ṣe nǹkan kan ṣoṣo. Àwọn èròjà kéékèèké ló para pọ̀ di púrótíìnì, mẹ́sàn-án nínú wọn ni ara kò sì lè ṣe fúnra rẹ̀, àfi kó rí wọn nínú oúnjẹ. Èyí tí wọ́n ń pè ní lysine kò pọ̀ nínú àgbàdo, ṣùgbọ́n ó pọ̀ gan-an nínú ẹ̀wà. Ẹ̀wà náà ní àléébù tirẹ̀, nítorí pé methionine kò tó nínú rẹ̀, àgbàdo ló sì ń dí àlàfo yẹn. Àwọn àgbà ní ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ti àgbàlagbà kò wọ akèrègbè. Bí ọ̀rọ̀ àgbàdo àti ẹ̀wà ṣe rí gẹ́lẹ́ nìyẹn: ohun tí ọ̀kan kò ní, èkejì ló mú un wá.

Ohun kejì ni pé odidi hóró àgbàdo ló ń wọ inú àdàlú. Nígbà tí wọ́n bá ń ṣe ògì, wọ́n máa ń sẹ́ ẹ, èèrí tó bá sì kù nínú asẹ́ ni wọ́n ń dà fún ẹran jẹ. Nínú èèrí yẹn ni èyí tó pọ̀ jù nínú èèpo àgbàdo máa ń bá lọ, èèpo yìí ló sì ń jẹ́ kí ìgbẹ́ rọ̀, tí kì í jẹ́ kí ebi tètè pa ènìyàn. Bí èèpo àgbàdo bá pàdé ti ẹ̀wà nínú ikùn, oúnjẹ náà kì í yára dà, ṣúgà inú rẹ̀ sì ń wọ inú ẹ̀jẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Èyí ló mú kí ó sàn fún ẹni tó ní àrùn àtọ̀gbẹ ju ìrẹsì funfun tàbí búrẹ́dì funfun lọ. Ṣùgbọ́n àdàlú kì í ṣe oògùn. Onítọ̀hún gbọ́dọ̀ wọn ìwọ̀nba tó ń jẹ, kò sì gbọdọ̀ pa oògùn tí dókítà fún un tì.

Ìgbéyàwó ọmọ onílé àti àlejò

Ilẹ̀ Áfíríkà ni irú ẹ̀wà tí àwọn Yorùbá ń sè ti ṣẹ̀, ó sì ti pẹ́ gan-an níbẹ̀. Àlejò ni àgbàdo ní tirẹ̀. Ilẹ̀ Amẹ́ríkà ló ti wá, kò sì dé etí òkun Áfíríkà títí di ẹ̀yìn ọdún 1492 tí Christopher Columbus tukọ̀ dé ọ̀hún. Àwọn onílẹ̀ Mẹ́síkò àti ti àríwá Amẹ́ríkà ti ń gbin àgbàdo pọ̀ mọ́ irú ẹ̀wà tiwọn láti ìgbà pípẹ́, wọ́n sì ń jẹ wọ́n pọ̀. Nígbà tí àgbàdo dé ilẹ̀ Yorùbá, ó bá ẹ̀wà nílé, àwọn ìyá sì so wọ́n pọ̀ láìjẹ́ pé onímọ̀ kankan kọ́ wọn.

Yíyan ẹ̀wà àti àgbàdo

Ẹ̀wà olóyin ni ọ̀pọ̀ alásè fẹ́ràn jù, nítorí pé ó dùn, ó sì tètè ń jinná. Ẹ̀wà funfun náà dára. Ní ti àgbàdo, èyí tí kò tutù jù, tí kò sì tíì gbó kankan, ló yẹ kí ènìyàn rà. Bí èékánná bá wọ inú hóró rẹ̀ tí omi bíi wàrà jáde, ó ṣì rọ̀. Bí kò bá wọlé rárá, yóò pẹ́ lórí iná. Àgbàdo aláwọ̀ ìyeyè ní èròjà tí ara ń sọ di fítámì A, èyí tí ojú nílò, àgbàdo funfun kò sì ní in tó bẹ́ẹ̀. Lọ́dún 2012, àjọ IITA tó wà n’Ìbàdàn àti àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ gbé irúgbìn àgbàdo tí fítámì A pọ̀ nínú rẹ̀ jáde fún àwọn àgbẹ̀ Nàìjíríà.

Àgbàdo gbígbẹ tó bá ti bu, tí nǹkan bí ìyẹ̀fun dúdú tàbí aláwọ̀ ewé ti hù sí lára, kò yẹ fún jíjẹ. Májèlé tí wọ́n ń pè ní aflatoxin lè wà nínú rẹ̀, ó lè ba ẹ̀dọ̀ jẹ́, ó sì lè fa àrùn jẹjẹrẹ. Sísè lásán kì í pa á tán.

Ẹ̀wà pàápàá ní ewu tirẹ̀. Nítorí kòkòrò, àwọn kan máa ń da oògùn apakòkòrò tí wọ́n ń pè ní dichlorvos sí i. Lọ́dún 2015, ìṣọ̀kan àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù dá ẹ̀wà gbígbẹ láti Nàìjíríà dúró nítorí pé wọ́n bá oògùn yìí nínú rẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ. Lọ́dún 2019, àjọ NAFDAC fòfin de títa èyí tó wà nínú ìgò kékeré tí kò ju mìlílítà 100 lọ. Kò sí ẹni tó lè fi ojú lásán mọ ẹ̀wà tí wọ́n fín, nítorí náà, ó dára kí ènìyàn rà lọ́wọ́ oníṣòwò tó mọ̀ dáadáa. Ẹ̀wà tí kòkòrò ti lu díẹ̀, tí wọ́n ṣà, tí wọ́n sì fọ̀, sàn ju èyí tó mọ́ lójú ṣùgbọ́n tí májèlé wà lára rẹ̀.

Ẹni tó bá fẹ́ kó ẹ̀wà pa mọ́ nílé kò nílò oògùn kankan. Kó kọ́kọ́ sá a dáadáa, kó wá rọ ọ́ sínú kẹ́ẹ̀gì tàbí ike tí ìdérí rẹ̀ le, kó kún dé ẹnu, kó sì dé e pinpin. Nígbà tí afẹ́fẹ́ kò bá wọlé mọ́, kòkòrò inú rẹ̀ kò lè pọ̀ sí i.

Bí wọ́n ṣe ń sè é

Fún ènìyàn márùn-ún tàbí mẹ́fà, alásè yóò nílò ife ẹ̀wà méjì, ife hóró àgbàdo tútù mẹ́ta, àlùbọ́sà ńlá kan, tàtàṣé méjì, ata rodo bí ẹnu bá ṣe gbà á, ṣíbí ìjẹun edé lílọ̀ méjì, ṣíbí ìjẹun epo pupa mẹ́ta àti iyọ̀ díẹ̀. Ẹni tó bá ní ẹja gbígbẹ lè fi í sí i. Irú náà kò burú.

Kí alásè kọ́kọ́ ṣa ẹ̀wà, kó fọ̀ ọ́, kó sì rẹ ẹ́ sínú omi fún wákàtí mélòó kan tàbí di ọjọ́ kejì. Kó da omi náà nù. Inú omi yìí ni díẹ̀ nínú ohun tí ń mú kí ikùn kún fún afẹ́fẹ́ ń bá lọ. Bí kò bá sí àyè láti rẹ ẹ́, kó bọ̀ ọ́ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, kó da omi àkọ́kọ́ nù, kó sì bu omi mìíràn sí i.

Lẹ́yìn èyí, kó bó háríhá kúrò lára àgbàdo, kó yọ irùkẹ̀rẹ̀ rẹ̀, kó sì yín in. Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń ṣe àṣìṣe nìyí. Bí àgbàdo bá ti fẹ́ gbó, òun ló gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ dé orí iná fún nǹkan bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú kí ẹ̀wà tó bá a. Bí ó bá ṣì tutù, ẹ̀wà ni kó kọ́kọ́ dé iná, kí àgbàdo tẹ̀lé e nígbà tí ẹ̀wà bá ti jinná dé ìdajì. Bí wọn kò bá tẹ̀lé èyí, ọ̀kan yóò ti di ẹ̀kọ nígbà tí èkejì ṣì ń le lẹ́nu.

Àwọn kan máa ń fi kán-ún sí i kó lè tètè rọ̀. Lóòótọ́ ni kán-ún ń mú ẹ̀wà rọ̀, ṣùgbọ́n ó ń ba fítámì B1 inú rẹ̀ jẹ́. Rírẹ ẹ̀wà sínú omi náà ń mú kó tètè rọ̀.

Nígbà tí àgbàdo àti ẹ̀wà bá ti rọ̀ tán, tí omi sì kù díẹ̀, kí alásè da ata àti àlùbọ́sà tó gún, edé, ẹja, epo àti iyọ̀ sí i. Kó rò ó pọ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, kó dín iná kù, kó sì dé e fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Epo náà kò nílò yíyọ́ títí tí yóò fi funfun, nítorí iná ń ba èròjà fítámì A inú rẹ̀ jẹ́. Ní ti iyọ̀, Àjọ Ìlera Àgbáyé ní kí àgbàlagbà má jẹ tó gíráàmù 5 lóòjọ́, ìyẹn bíi ṣíbí ìpotíì kan ṣoṣo. Níwọ̀n bí iyọ̀ ti pọ̀ nínú àwọn èròjà amóbẹ̀dùn onígun, ẹni tó bá fi wọ́n sí i gbọ́dọ̀ dín iyọ̀ kù.

Àdàlú lè dá dúró gẹ́gẹ́ bí oúnjẹ. Ó sì lè wà ní ẹ̀gbẹ́ àwo, pẹ̀lú ẹja díndín àti ẹ̀fọ́ rírò. Fún ọmọ tó ti lé ní oṣù mẹ́fà, kí ìyá rẹ̀ lọ̀ ọ́ kúnná láìfi ata àti iyọ̀ sí i, kó sì bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú díẹ̀. Èyí tó bá ṣẹ́ kù kò gbọdọ̀ sùn síta. Inú fíríìjì ló yẹ kó wà, kí wọ́n sì gbé e kaná títí yóò fi hó kí wọ́n tó tún jẹ ẹ́.

Bí àsìkò àgbàdo tútù bá kọjá

Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ẹ̀gbo ló máa ń gba ipò rẹ̀. Àgbàdo funfun gbígbẹ ni wọ́n ń rẹ, tí wọ́n sì ń sè fún ọ̀pọ̀ wákàtí títí yóò fi rọ̀ pátápátá, kí wọ́n tó bu ẹ̀wà alátadíndín lé e lórí. Nígbà kan, kò sí àdúgbò tí wọn kì í kiri ẹ̀gbo dé ní òwúrọ̀. Àwọn ọmọ Yorùbá tó wà nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà náà lè sè àdàlú, nítorí pé ẹ̀wà olójú dúdú tí wọ́n ń tà níbẹ̀ àti èyí tí wọ́n ń sè nílé, irú kan náà ni. Ṣùgbọ́n bí ó bá jẹ́ ẹ̀wà pupa ńlá tó rí bí kíndìnrín ni wọ́n rà, ó gbọ́dọ̀ hó gidigidi fún ó kéré tán ìṣẹ́jú mẹ́wàá, nítorí májèlé wà nínú rẹ̀ bí kò bá jinná.

Kò sí ohun tí ó nira nínú gbogbo èyí. Ìyá tó rẹ ẹ̀wà sílẹ̀ lálẹ́ ti ṣe ìdajì iṣẹ́ ọjọ́ kejì. Bí àwo àdàlú kan bá sì wà níwájú ọmọ lẹ́ẹ̀mejì tàbí ẹ̀ẹ̀mẹta láàárín ọ̀sẹ̀, yóò ran ara rẹ̀ lọ́wọ́ láti rí púrótíìnì tó fi ń dàgbà, àní bí ẹran kò bá sí nínú ọbẹ̀.