A Fi Ẹ̀tẹ̀ Sílẹ̀, A Ń Pa Làpálàpá: Ọ̀rọ̀ Lórí Sẹ́ńsọ̀ Kíráńkì Inú Ọkọ̀ Wa

Bí irú ọ̀ràn tí mo fẹ́ sọ yìí kò bá tí ì kan ẹnikẹ́ni nínú yín, kò sí àní-àní pé ó ti kan ará ilé rẹ̀ tàbí aládùúgbò rẹ̀. Mo ń ti Ìbàdàn bọ̀ ní Èkó ní ọjọ́ kan nínú Toyota Corolla mi, ọ̀kan nínú àwọn tòkunbọ̀ ọdún 2005 tí ojú gbogbo wa ti mọ̀. Oòrùn ti kan àtàrí. Bí mo ti dé ìtòsí Ògèrè, ẹ́ńjìnnì náà dákẹ́ lójijì bí àtùpà tí a fẹ́ pa. Kò húkọ́, kò sín. Ó kú ni. Mo yí kọ́kọ́rọ́. Sítátà ń yí ẹ́ńjìnnì kíkankíkan, ṣùgbọ́n ẹ́ńjìnnì kò dáhùn. Mo jókòó sí ẹ̀bá ọ̀nà fún nǹkan bí wákàtí kan. Nígbà tí ara ọkọ̀ tutù, mo tún gbìyànjú, ó sì dáhùn bí ẹni pé kò sí ohun tí ó ṣe é rí.

Mo gbé e lọ sí ọ̀dọ̀ mẹkáníìkì kan. Ó tẹ́tí sí ẹ́ńjìnnì náà, ó mi orí, ó ní pọ́ńpù epo ti kú. A ra pọ́ńpù. Lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́ta, ọkọ̀ tún kú. Ó ní púlọ́ọ̀gì ni. A ra púlọ́ọ̀gì mẹ́rin. Ọkọ̀ tún kú. Ó ní bátìrì ni, bẹ́ẹ̀ ni mo sì fi etí ara mi gbọ́ bí sítátà ti ń yí pẹ̀lú agbára! Owó tí mo ná tó san owó ilé-ìwé ọmọ kan fún sáà kan gbáko, àìsàn náà sì wà ní ibi tí ó wà. A fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀, a ń pa làpálàpá.

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan ni ó tú àṣírí náà nígbẹ̀yìn. Kò tí ì fi ọwọ́ kan sípánà tí ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í bi mí ní ìbéèrè.

“Ẹ̀gbọ́n, nígbà tí ó kú, ṣé ara rẹ̀ ti gbóná dáadáa?”

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.

“Nígbà tí ẹ ń yí kọ́kọ́rọ́, ǹjẹ́ ọwọ́ aago tí ń ka yíyí ẹ́ńjìnnì mira rárá?”

Mo ronú, mo sì rántí pé ó dúró gbọn-in sí orí òdo.

“Ẹ má tíì ra nǹkan kan mọ́, sà. Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ bi ọkọ̀ náà léèrè.”

Gbólóhùn yìí ni ó mú mi kọ àpilẹ̀kọ yìí. Bí ọ̀rọ̀ náà ti rí ni mo fẹ́ là yé yín, nítorí pé ẹ̀kọ́ inú rẹ̀ ju ti ọkọ̀ lọ.

IṢẸ́ TÍ SẸ́ŃSỌ̀ YÌÍ Ń ṢE

Nínú ikùn ẹ́ńjìnnì ni ọ̀pá irin kan wà tí a rọ ní wíwọ́-wíwọ́, tí à ń pè ní kíráńkì. Àwọn písítìnì ń gòkè, wọ́n ń sọ̀ kalẹ̀. Kíráńkì ni ó ń sọ lílọ sókè-sódò yẹn di yíyí tí ó ń gbé ọkọ̀ rìn. Bí ẹ́ńjìnnì bá ń yí ní ìgbà 3,000 láàárín ìṣẹ́jú kan, a jẹ́ pé kíráńkì ń yí ní ìgbà 50 láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan ṣoṣo. Láàárín àkókò kúkúrú bẹ́ẹ̀, epo gbọ́dọ̀ wọlé, púlọ́ọ̀gì sì gbọ́dọ̀ ṣáná, ní àkókò tí ó yẹ gẹ́lẹ́.

Ní ayé Peugeot 504, tí ilé-iṣẹ́ Kaduna ń tò láti àárín àwọn ọdún 1970, irin ni ó ń pín àkókò iná yìí. Ẹ́ńjìnnì fúnra rẹ̀ ń yí dísíríbútọ̀, kọ́ńtáàtì kékeré kan sì ń ṣí, ó ń pa dé, kí iná lè lọ sí púlọ́ọ̀gì. Ojú rí i, ọwọ́ tọ́ ọ. Nínú ọkọ̀ òde òní, kọ̀ǹpútà tí àwọn mẹkáníìkì wa ń pè ní bíréènì bọ́ọ̀sì ni ó ń pàṣẹ fún epo àti iná. Ṣùgbọ́n kọ̀ǹpútà náà wà nínú àpótí, kò rí kíráńkì. Sẹ́ńsọ̀ kíráńkì ni ojú rẹ̀.

Nínú ẹ́ńjìnnì Corolla tí mo ń sọ yìí, àgbá irin pẹlẹbẹ kan wà ní orí kíráńkì, eyín sì yí i ká. Ààyè eyín 36 ni ó wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n a mọ̀ọ́mọ̀ yọ méjì kúrò, ó ku 34. Ẹ wo bí onígúdúgúdú ti ń lu ìlù rẹ̀ láìdáwọ́ dúró. Bí ó bá ń fo ìró méjì lẹ́ẹ̀kan nínú àyípo kọ̀ọ̀kan, kò sí oníjó tí kò ní mọ ibi tí orin ti bẹ̀rẹ̀. Ààyè eyín méjì yẹn ni kọ̀ǹpútà fi ń mọ ibi tí kíráńkì dé. Eyín tí ó kù ni ó fi ń ka bí ó ti ń yára tó.

Ohun tí ó wà nínú sẹ́ńsọ̀ náà kò ju òòfà kan lọ, irin tí í fa irin mọ́ra, pẹ̀lú wáyà bàbà tín-ín-rín tí a wé ní ọ̀pọ̀lọpọ̀ ìgbà. Bí eyín irin ti ń kọjá níwájú òòfà, agbára òòfà náà ń yí padà, iná díẹ̀díẹ̀ sì ń jáde nínú wáyà. Michael Faraday ni ó fi èyí hàn ní ìlú London ní ọdún 1831. Irú sẹ́ńsọ̀ mìíràn wà tí ó sábà máa ń ní wáyà mẹ́ta: orí àwárí Edwin Hall ni wọ́n gbé e kà, ẹni tí ó rí i ní ọdún 1879, nígbà tí ó ṣì jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ ní Yunifásítì Johns Hopkins ní Baltimore, ní Amẹ́ríkà. Àwọn ọkùnrin méjèèjì kò mọ̀ pé iṣẹ́ wọn yóò dé ọ̀nà Ògèrè.

IBI TÍ ÀṢÌṢE TI Ń WÁ

Kékeré ni abẹ́rẹ́, kì í ṣe mímì fún adìẹ. Ohun tí kò tóbi ju àtàǹpàkò lọ yìí ni ó lè dá odindi ọkọ̀ dúró. Bí ojú bá ti fọ́, kọ̀ǹpútà kò ní pàṣẹ epo, kò ní pàṣẹ iná. Nínú ọ̀pọ̀ ọkọ̀, kì í tilẹ̀ jẹ́ kí pọ́ńpù epo máa ṣiṣẹ́ lọ bí kò bá gba ìròyìn pé ẹ́ńjìnnì ń yí. Nítorí náà, pọ́ńpù á dákẹ́, mẹkáníìkì tí kò wádìí á sì dá a lẹ́bi. Olódodo jẹ̀bi, ẹlẹ́ṣẹ̀ jókòó sí ibi ìkọ̀kọ̀.

Ooru ni ó tún ń ṣi ni lọ́nà. Bí wáyà tín-ín-rín inú sẹ́ńsọ̀ bá ti fẹ́ já, yóò ràn nígbà tí ooru bá mú un, ẹnu rẹ̀ yóò sì ya. Bí ó bá tutù, ẹnu á tún kan ara wọn. Ìdí nìyí tí ọkọ̀ fi ń kú ní ọ̀sán gangan, tí ó sì ń jí ní ìrọ̀lẹ́.

BÍ A TI Ń WÁDÌÍ

Ọ̀dọ́mọkùnrin náà so sikánà kékeré mọ́ ihò tí ó wà lábẹ́ dáṣíbọ́ọ̀dù. Òfin ni ó sọ irú ihò yìí di dandan fún àwọn ọkọ̀ tí a ń tà ní Amẹ́ríkà láti orí ti ọdún 1996. Nọ́ńbà tí ó jáde ni P0335, èyí tí í tọ́ka sí ọ̀nà iná sẹ́ńsọ̀ kíráńkì. Inú mi dùn, mo ní kí a lọ ra òmíràn. Ó rẹ́rìn-ín.

“Sùúrù, ẹ̀gbọ́n. Nọ́ńbà yìí sọ àdúgbò tí olè wà ni. Kò tí ì dárúkọ olè.”

Òótọ́ ni ó sọ. Eku lè ti gé wáyà jẹ. Omi lè ti wọ ẹnu ibi tí wáyà ti so mọ́ sẹ́ńsọ̀, kí ó sì dípẹtà. Eyín àgbá irin lè ti kán. Gbogbo ìwọ̀nyí ni ó lè mú irú nọ́ńbà bẹ́ẹ̀ jáde, sẹ́ńsọ̀ tuntun kò sì lè wò wọ́n sàn. Ó fi ojú yẹ wáyà wò láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ó fi mítà wádìí pé kò já, ó nu ẹnu rẹ̀ mọ́.

Lẹ́yìn èyí ni ó wọn sẹ́ńsọ̀ fúnra rẹ̀. Ìwé iṣẹ́ ẹ́ńjìnnì yìí sọ pé láti 1,630 dé 2,740 óómù ni ó yẹ kí mítà kà nígbà tí ó bá tutù, àti láti 2,065 dé 3,225 nígbà tí ó bá gbóná. Ọkọ̀ mìíràn ní ìwọ̀n tirẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má ṣe fi ti Corolla ṣe ìdájọ́ òmíràn. Ní tútù, ohun tí mítà kà dára. Bí ó bá jẹ́ pé ibẹ̀ ni a dúró sí, à bá tún ti pọ́ńpù mìíràn mọ́ ọkọ̀ náà lára! Ṣùgbọ́n ó jẹ́ kí ẹ́ńjìnnì ṣiṣẹ́ títí ó fi gbóná tí ó sì kú, ó sì tún un wọ̀n lójú ẹsẹ̀. Mítà kò rí ọ̀nà kankan: wáyà inú ti ya ẹnu. Bí a bá fi ẹ̀sọ̀ pa èèrà, a ó rí ìfun inú rẹ̀.

Bí ó bá jẹ́ oníwáyà mẹ́ta ni, a kò ní wọn óómù rẹ̀. A ó wádìí bóyá iná tí ó yẹ, tí í sábà jẹ́ fóòtì 5 tàbí 12, ń dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, bóyá wáyà ilẹ̀ rẹ̀ pé, àti bóyá iná tí ń ti ara rẹ̀ jáde ń lọ sókè-sódò bí ẹ́ńjìnnì ti ń yí.

BÍ A TI Ń PÀÀRỌ̀ RẸ̀

Ó tú orí òdì bátìrì kúrò, ó dúró kí ẹ́ńjìnnì tutù. Ó gbé ọkọ̀ sókè, ó sì fi irin ìdúró tì í, nítorí pé ẹni tí ó bá gbẹ́kẹ̀ lé jáàkì nìkan tí ó wọ abẹ́ ọkọ̀ ń fi ẹ̀mí rẹ̀ ta tẹ́tẹ́. Ó ṣí ọ̀rá líle tí ó bo ẹ̀gbẹ́ ẹ́ńjìnnì ní ọwọ́ ọ̀tún. Sẹ́ńsọ̀ náà wà níbẹ̀, lẹ́bàá púlì kíráńkì. Ó tẹ ẹnu wáyà, ó fà á yọ, ó fi sípánà 10 tú bóòtì rẹ̀. Sẹ́ńsọ̀ náà ti lẹ̀ mọ́ ihò. Kò fi òòlù kàn án. Ó ń yí i sọ́tùn-ún sósì jẹ́jẹ́ títí ó fi jáde. Ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Ohun tí a bá fi agbára mú ní í le koko.

Nígbà tí a fẹ́ ra tuntun, ó mú ògbólógbòó dání lọ sí ọjà, ó fi àwòrán àti nọ́ńbà ara wọn wé ara wọn, ó sì fi mítà wọn tuntun kí n tó sanwó. Ẹ̀yin tí ń lọ sí Ládípọ̀, ẹ fi èyí sọ́kàn. Nígbà tí a padà dé, ó nu ihò náà mọ́, ó fi òróró ẹ́ńjìnnì díẹ̀ pa rọ́bà róbótó tí ó wà lọ́rùn sẹ́ńsọ̀, ó fi ọwọ́ tì í wọlé, ó sì dì í níwọ̀nba. Ó rí i pé wáyà jìnnà sí bẹ́líìtì tí ń yí. Ó so bátìrì, ó pa nọ́ńbà àṣìṣe rẹ́, a sì wa ọkọ̀ náà títí ó fi gbóná dáadáa. Kò kú. Nínú àwọn ọkọ̀ kan, bí àwọn kan tí General Motors ṣe, a tún gbọ́dọ̀ fi sikánà kọ́ kọ̀ǹpútà láti mọ kíráńkì náà lákọ̀tun; a kò ṣe èyí fún Corolla.

Ẹ̀KỌ́ TÍ Ó WÀ NÍBẸ̀

N kò kọ èyí láti fi mẹkáníìkì àkọ́kọ́ ṣe ẹlẹ́yà. Ọlọ́gbọ́n ni ní ayé 504. Etí rẹ̀ mọ ohùn ẹ́ńjìnnì bí ìyá ti mọ ẹkún ọmọ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ayé yí padà, kò sì sí ẹni tí ó kọ́ ọ. Ìwé tí ó yẹ kí ó kà wà ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, nígbà tí ó jẹ́ pé èdè Yorùbá ni ó fi ń ronú. A ń ra ọkọ̀ láti òkè òkun, a ń ra ẹ̀yà ara rẹ̀ láti òkè òkun, a kò sì bèèrè ìmọ̀ tí ó bí i. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 1960 ni a gba òmìnira ìjọba. Orílẹ̀-èdè tí kò lè mọ ohun tí ó ń ṣe ọkọ̀ rẹ̀ yóò máa san owó ìṣákọ́lẹ̀ fún ẹni tí ó mọ̀ ọ́n.

Ẹ̀yin olùkọ́, ọ̀dọ̀ yín ni mo ń bọ̀. Ẹ mú òòfà kan, wáyà bàbà tí a wé ní ọgọ́rùn-ún ìgbà tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, àti mítà tí ó lè ka iná kékeré wọ kíláàsì. Ẹ jẹ́ kí ọmọ kan fi òòfà náà kọjá nínú wáyà kíákíá: ọwọ́ mítà yóò fò. Ẹ jẹ́ kí ó mú un dúró jẹ́ẹ́: ọwọ́ mítà yóò sùn. Ẹ ṣàlàyé fún wọn ní èdè tí ìyá wọn fi rẹ̀ wọ́n lẹ́kún. Kì í ṣe ohun tuntun: láti ọdún 1970, Ọ̀jọ̀gbọ́n Babátúndé Fáfúnwá àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti fi hàn ní Ilé-Ifẹ̀ pé a lè fi èdè Yorùbá kọ́ ọmọ ní ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì jálẹ̀ ọdún mẹ́fà ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀.

Bóyá ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà ni yóò bá ẹnìkan lẹ́bàá ọ̀nà lọ́jọ́ kan, tí yóò sì wí pé, “Ẹ má tíì ra nǹkan kan, sà. Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ bi í léèrè.” Ọjọ́ náà ni n ó sọ pé a ti ń rìn.