Agbẹjọ́rò Tó Di Aláṣẹ: Ohun Tí Iṣẹ́ Fashola Kọ́ Wa



Bí ọmọ wa bá sọ pé òun fẹ́ kọ́ ìmọ̀ òfin, àdúrà tó máa ń jáde lẹ́nu wa ni pé kó di kọmíṣánnà, kó di gómìnà. A kì í sábà béèrè pé: bí agbẹjọ́rò bá dé ipò àṣẹ, ta ló ń ṣojú fún? Àwa tí à ń gbé láti Lekki títí dé Ajah ní àpẹẹrẹ kan nítòsí, èyíinì ni Babatunde Raji Fashola.

Ọdún 1963 ni wọ́n bí i ní Èkó. Ó gboyè ìmọ̀ òfin ní Yunifásítì Benin lọ́dún 1987, ó sì di agbẹjọ́rò ní oṣù kọkànlá ọdún 1988. Lọ́dún 2000, ó wà nínú ìgbìmọ̀ tó ṣèwádìí bí wọ́n ṣe pín àwọn ilé Mobolaji Johnson ní Lekki. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2002, Gómìnà Bola Tinubu fi í ṣe olórí òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì rẹ̀, ó sì jẹ́ kọmíṣánnà pẹ̀lú. Lọ́dún 2004, ó gba oyè SAN, oyè tó ga jùlọ láàrin àwọn agbẹjọ́rò wa. Ó ṣe gómìnà láti 2007 sí 2015, lẹ́yìn náà ó ṣe mínísítà títí di 2023.

Ìwé òfin ọdún 1999 ló la ọ̀nà ipò kọmíṣánnà sílẹ̀. Gómìnà ló ń yan kọmíṣánnà, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ìpínlẹ̀ ló sì ń fọwọ́ sí i. Kò pọn dandan kí kọmíṣánnà jẹ́ agbẹjọ́rò, àfi ti ètò ìdájọ́ nìkan: ó gbọ́dọ̀ ti jẹ́ agbẹjọ́rò fún ọdún mẹ́wàá, ó kéré tán.

Agbẹjọ́rò ní kóòtù dà bí wákíìlì níbi yìgì: ẹnu ẹni tó rán an ló fi ń sọ̀rọ̀. Nígbà tó bá di aláṣẹ, gbogbo ìlú ló rán an. Ibẹ̀ ni ìdánwò wà.

Ẹ wo afárá Lekki sí Ikoyi. Ọjọ́ 29 oṣù karùn-ún ọdún 2013 ni Gómìnà Fashola ṣí i. Afárá náà dín ìnira ọ̀nà kù, ṣùgbọ́n ẹni tó bá gbà á kọjá yóò sanwó. Agbẹjọ́rò kan, Ebun-Olu Adegboruwa, gba ilé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ lọ. Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹta ọdún 2014, Adájọ́ Saliu Saidu dájọ́ pé kò sí òfin tó ti owó náà lẹ́yìn. Ìjọba pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn. Agbẹjọ́rò ló pe ẹjọ́ náà, agbẹjọ́rò ló sì ń darí ìjọba tí ìdájọ́ náà bá wí.

Èyí tó kan ilé wa jù ni ti híjáàbù. Lásìkò gómìnà kan náà, tí òun fúnra rẹ̀ jẹ́ Mùsùlùmí, ìjọba kọ̀ kí àwọn ọmọbìnrin wa lo híjáàbù lórí aṣọ ilé ẹ̀kọ́ ìjọba. Ẹgbẹ́ MSSN àti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ gbé e lọ sílé ẹjọ́. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2014, ilé ẹjọ́ gíga Èkó dá ìjọba láre. Wọn kò sọ̀kò lu ẹnikẹ́ni, wọ́n pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn. Ní oṣù keje ọdún 2016, ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn dá àwọn ọmọ wa láre. Ní ọjọ́ 17 oṣù kẹfà ọdún 2022, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ fìdí rẹ̀ múlẹ̀: adájọ́ márùn-ún nínú méje ló fara mọ́ ọn. Ọmọ tó wà ní sẹ́kọ́ńdìrì nígbà tí ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀ ti dàgbà kí ó tó parí.

Nítorí náà, kí á má fi ọkàn balẹ̀ nítorí pé orúkọ aláṣẹ jọ tiwa nìkan. Kò sí irọ́ nínú pé Fashola ṣiṣẹ́, kò sì sí irọ́ nínú pé adájọ́ dá ìjọba rẹ̀ lẹ́bi lórí owó afárá, àti pé ẹjọ́ híjáàbù já sí ti àwọn ọmọ wa lẹ́yìn tó ti kúrò nípò gómìnà. Òfin tó gbé e dépò náà ni àwọn ọmọ wa fi gba ẹ̀tọ́ wọn. Súúrátu n-Nísáì, ààyá 58, so ọ̀rọ̀ àgbàfipamọ́ àti ìdájọ́ òdodo pọ̀ lójú kan: ipò jẹ́ àgbàfipamọ́, kì í ṣe ogún.

Ẹ jẹ́ kí ọmọ tó jáde ilé kéú tún kọ́ òfin. Bí kò bá di kọmíṣánnà, ó lè di ẹni tí yóò dúró fún ọmọ aládùúgbò rẹ̀ ní kóòtù. Ọlọ́hun kó fi wọ́n ṣe olódodo níbi tí wọ́n bá wà. Àmín.