Ìrìn Ọjọ́ Kan sí Adágún Ìyákè Lórí Òkè Adó

Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun gbogbo, kí ilẹ̀ tó mọ́ tán, ni àwọn oníṣòwò ti ń tú ẹrù sílẹ̀ ní ọjà Aswani, ní Ìsọlọ̀, lẹ́bàá ọ̀nà ńlá tí ó ti Òṣòdì lọ sí Àpápá. Lára ilé iṣẹ́ ìhunṣọ kan tí ń jẹ́ Aswani ni ọjà náà ti gba orúkọ, orúkọ yìí ni ó sì kù lẹ́nu àwọn awakọ̀ àti àwọn tí ń ta aṣọ òkìrìkà títí di òní. Ẹni tí ó bá jókòó ti òkìtì aṣọ láti òwúrọ̀ di ìrọ̀lẹ́, tí èéfín ọkọ̀ ń wọ̀ ọ́ nímú, tí ó sì ń jẹun kìkì ìgbà tí àwọn oníbàárà bá fún un láàyè, ara rẹ̀ yóò wúwo kí ó tó mọ̀. Irú wọn pọ̀ tí ó jẹ́ pé ọjọ́ tí wọ́n bá dákú ni a ń wọn ìfúnpá wọn fún ìgbà àkọ́kọ́. Fún irú ẹni bẹ́ẹ̀, ìrìn orí òkè dára púpọ̀, bí ó bá mọ bí a ti ń rìn ín.

Òkè kò sí ní Èkó, nítorí ilẹ̀ ibẹ̀ tẹ́ bí ẹní. Ní Adó-Àwáyè ni ẹni tí ń wá òkè tí ó ní omi lórí yóò lọ, ní agbègbè Ìsẹ́yìn, ní Òkè-Ògùn ti Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́. Níbẹ̀ ni adágún kan wà lórí àpáta gíga, Ìyákè ni orúkọ rẹ̀. Àwọn aláṣọ ní ìdí kejì láti mọ ọ̀nà náà, nítorí Ìsẹ́yìn ni ìlú tí òkìkí rẹ̀ kàn jù nínú híhun aṣọ òkè, òfì sì ń dún nínú agbolé wọn síbẹ̀.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé òun lè kúrò ní Ìsọlọ̀ ní òwúrọ̀, kí òun gun òkè, kí òun sì sùn sí ilé òun ní alẹ́ ọjọ́ náà. Súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ọkọ̀ ní Èkó nìkan tó láti jẹ ìdajì ọjọ́. Ẹni tí ó gbọ́n yóò gba Ìbàdàn kọjá, yóò gba Mọ́níyà àti Ìjàyè dé Ìsẹ́yìn, yóò sun oorun àsùnwọra níbẹ̀, yóò sì wà ní ẹsẹ̀ òkè nígbà tí ìrì ṣì wà lórí koríko. Ọjọ́ kan ni gígun òkè, ṣùgbọ́n ọjọ́ méjì ni ìrìnàjò náà.

Bí àlejò bá dé Adó-Àwáyè, ohun àkọ́kọ́ ni kí ó fi ara rẹ̀ hàn, kí ó sì béèrè ẹni tí yóò mú un gòkè. Aládó ni oyè ọba ìlú náà, òkè náà sì jẹ́ ogún àwọn ènìyàn rẹ̀. Kì í ṣe ibi tí a ń wọ̀ bí ẹni ń wọ oko aláìlólúwa. Kí wọ́n dá owó afọ̀nàhàn náà kí ẹsẹ̀ tó kan àtẹ̀gùn, kí ọ̀rọ̀ má bàa di ariwo nígbà ìsọ̀kalẹ̀. Àwọn kan láti Èkó a máa wò ó pé àwọn lè fi ojú ara àwọn wá ọ̀nà, nítorí òkè náà hàn gbangba láti ìsàlẹ̀. Wọn kò mọ̀ pé ojú ọ̀nà pín sí púpọ̀ lókè, pé àpáta kan jọ èkejì, àti pé ẹni tí ó bá ṣìnà lórí àpáta kò ní rí ipa ẹsẹ̀ ara rẹ̀ tí yóò tọ̀ padà.

Ní ayé àtijọ́, àwọn baba ìlú yìí gbé orí òkè náà. Ìdí rẹ̀ kò ṣòro láti mọ̀. Ní pẹ̀tẹ́lẹ̀ agbègbè Ìsẹ́yìn kan náà ni ìlú Òṣogùn wà, níbi tí àwọn ológun ti kó Àjàyí, ọmọdé tí ó di Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Ajayi Crowther lẹ́yìn náà, ní ọdún 1821. Ìsẹ́yìn ni wọ́n kọ́kọ́ mú un lọ, pẹ̀lú okùn lọ́rùn; ní 1822 wọ́n fi í sínú ọkọ̀ ojú omi àwọn Potogí ní Èkó, àwọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì sì gbà á sílẹ̀. Ní 1864 ni a fi í jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní Canterbury. Ilẹ̀ títẹ́jú kò dáàbò bo Òṣogùn. Àwọn tí ó ní òkè lẹ́yìn ilé wọn a sá gun òkè, wọ́n a sì máa wo èéfín ìlú tí ó ń jó láti òkèèrè. Nígbà tí ogun dáwọ́ dúró ni àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀kalẹ̀ sí ibi tí omi àti oko ti súnmọ́ wọn.

Àtẹ̀gùn tí a fi ń gòkè lónìí ni a ń kà sí 369. Iye yìí kò dún bí ohun púpọ̀ létí, ṣùgbọ́n kí olùkà fi ojú inú wo obìnrin kan tí ó ti ń ta aṣọ fún ogún ọdún, tí ó sanra díẹ̀, tí kò jẹ nǹkan ní òwúrọ̀ ọjọ́ náà nítorí ìkánjú. Yóò gun àádọ́ta àkọ́kọ́ pẹ̀lú ẹ̀rín àti orin. Nígbà tí yóò bá fi dé ọgọ́rùn-ún, orin ti tán. Bí ó bá tún gun díẹ̀ sí i, ọkàn rẹ̀ yóò máa lù kìkì, òógùn yóò máa ṣàn lójú rẹ̀, ìtìjú kò sì ní jẹ́ kí ó sọ pé ó rẹ òun, nítorí àwọn ọmọdé ti ṣíwájú. Ní ibi yìí ni iṣẹ́ afọ̀nàhàn rere wà. Ẹnu rẹ̀ ni yóò wò. Bí ó bá bi í léèrè ọ̀rọ̀ kan tí kò lè fi èémí kan dáhùn, yóò mú un jókòó sí ibòòji. Bí obìnrin náà bá ní àyà ń dun òun, tàbí tí ojú rẹ̀ ń ṣókùnkùn, ìgòkè ti parí fún un ní ọjọ́ náà. Kí ẹnì kan bá a sọ̀kalẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, kí ó sì mú un lọ sí ilé ìwòsàn. Adágún náà yóò wà níbẹ̀ ní ọdún tí ń bọ̀.

Àwọn kan a máa sọ pé afẹ́fẹ́ ló ṣọ̀wọ́n lókè tí ó fi ń rẹ àwọn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Àìsàn tí àìtó afẹ́fẹ́ ń mú wá kì í sábà bá ènìyàn bí òkè kò bá ga ju ìwọ̀n ẹsẹ̀ bàtà 8,000 lọ, kò sì sí òkè kan ní ilẹ̀ Yorùbá tí ó súnmọ́ iye náà. Oòrùn, òùngbẹ àti ẹsẹ̀ tí kò mọ ìrìn ni ó ń dá ènìyàn wólẹ̀ ní Òkè Adó. Kí olúkúlùkù gbé omi tí ó tó lítà méjì tàbí mẹ́ta dání, kí ó máa mu ún díẹ̀díẹ̀ kí òùngbẹ tó dé. Kí ó jẹ ẹ̀kọ àti mọ́ín-mọ́ín kí ó tó gbéra. Ó dára bí wọ́n bá po omi iyọ̀ àti ṣúgà dání: omi mímọ́ lítà kan, ṣúgà ṣíbí tíì mẹ́fà tí a gé orí rẹ̀ dọ́gba, àti iyọ̀ ìdajì ṣíbí tíì. Èyí kan náà ni a ń fún ọmọ tí ó ń ṣu gbuuru nílé.

Lókè, ojú yóò là. Àpáta ràbàtà kan wà tí ó dúró lórí èkejì bí ẹni pé ọwọ́ ni a fi gbé e kà á, tí ẹ̀rù a sì máa ba ènìyàn láti kọjá lábẹ́ rẹ̀. Ìṣàgé ni wọ́n ń pè é, àwọn ará àtijọ́ a sì máa tọ̀ ọ́ lọ nítorí òjò. Àwọn kòtò bí ojú ẹsẹ̀ wà lójú àpáta, tí a ń pè ní Ẹsẹ̀ Àwọn Àgbààgbà. Ibì kan tún wà tí a ń pè ní Ẹsẹ̀ Kan Ayé Ẹsẹ̀ Kan Ọ̀run. Ẹni tí orí ń kọ́, kí ó fi ibẹ̀ sílẹ̀ fún ẹni tí orí kì í kọ́.

Lẹ́yìn èyí ni Ìyákè fúnra rẹ̀, omi tí ó dákẹ́ rọ́rọ́ láàárín àpáta, pẹ̀lú koríko ní etí rẹ̀. Àwọn ará ìlú ní kì í gbẹ, bí ọ̀dá ti wù kí ó pọ̀ tó. Òkè náà jẹ́ àpáta líle kan ṣoṣo tí ó yọ sókè láti inú pẹ̀tẹ́lẹ̀. Òjò tí ó bá rọ̀ lé e kò lè wọ inú rẹ̀, nítorí náà ó ń ṣàn lọ sí ibi tí ó bá ti jinnú, ó sì ń dúró níbẹ̀ bí omi inú àwo. Àgbẹ̀ tí ó ń wo nǹkan yóò rí ẹ̀kọ́ nínú èyí. Omi tí kò bá rí ibi jókòó sí lókè a máa sáré wá sí ìsàlẹ̀, ó sì ń gbé iyẹ̀pẹ̀ dúdú dání. Ìdí nìyí tí ilẹ̀ ẹsẹ̀ òkè fi máa ń tutù, tí iṣu àti àgbàdo ibẹ̀ sì ń dúró pẹ́ kí ọ̀dá tó mú wọn. Ṣùgbọ́n bí a bá kọ ebè gba ọ̀nà tí omi ń bá sọ̀kalẹ̀, òjò méjì ti tó láti gbá gbogbo oko náà lọ. Kí a kọ ebè ní ìbú ìdagẹ̀rẹ̀ ni ó dára, kí ebè kọ̀ọ̀kan lè dá omi dúró.

A ti sọ ọ́ títí ó fi di òwe pé irú adágún bẹ́ẹ̀ méjì péré ni ó wà ní gbogbo ayé, Ìyákè àti èkejì tí ó wà ní Colorado ní Amẹ́ríkà. Ọ̀rọ̀ ìyìn ni èyí, kò yẹ kí a dì í mú bí ìṣirò. Adágún Colorado náà ga ju ẹsẹ̀ bàtà 7,000 lọ lókè òkun, òkúta ẹfun tí omi fúnra rẹ̀ ń tò jọ ni ó sì sé e. Ọ̀nà tí ó fi wáyé kò jọ ti Ìyákè rárá. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ lúwẹ̀ẹ́ nínú rẹ̀, láti ọdún 2019 sì ni a ti ń gba ìwé àṣẹ kí a tó lè gun ọ̀nà ibẹ̀. Ní Kamẹrúùnù tí ó jẹ́ aládùúgbò wa, adágún orí òkè pọ̀. Ọ̀kan nínú wọn ni Nyos. Ní alẹ́ ọjọ́ 21 oṣù August, 1986, afẹ́fẹ́ carbon dioxide tí ó ti kó jọ sí ìsàlẹ̀ omi náà tú jáde lójijì, ó ṣàn wọ àwọn àfonífojì, ó sì pa ènìyàn bí 1,700 àti ẹran ọ̀sìn púpọ̀ lójú oorun. Kí èyí má dẹ́rù ba ẹni tí ń lọ sí Adó. Ẹnu òkè tí ó ti tu iná rí ni Nyos wà, láti inú ilẹ̀ ni afẹ́fẹ́ náà ti ń wá. Omi òjò lórí àpáta tútù ni Ìyákè.

Síbẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má wọ inú rẹ̀. Àwọn àgbà ní kò ní ìsàlẹ̀, àti pé ẹni tí ó bá wọ̀ ọ́ kì í jáde. Onígbàgbọ́ lè má gba ìtàn náà gbọ́, ṣùgbọ́n kò sí ọgbọ́n nínú kí ó fi ara rẹ̀ dán an wò. Ẹrẹ̀ àti koríko ni ó bo etí omi, ojú kò rí ibi tí ó ti ń jìn, kò sì sí ọkọ̀ tàbí òmùwẹ̀ tí yóò yọ ẹni tí ó rì. Ohun tí òfin ń ṣe ní Colorado ni èèwọ̀ ti ń ṣe ní Adó. Ọ̀rọ̀ àrùn tún wà níbẹ̀. Ní ọ̀pọ̀ omi adágún ilẹ̀ wa, ìgbín kékeré ń gbé ibẹ̀ tí ó ń tú kòkòrò tí ojú kò rí sínú omi. Kòkòrò náà ń gba awọ ara wọlé, lẹ́yìn oṣù mélòó kan ọmọ náà a bẹ̀rẹ̀ sí í tọ̀ ẹ̀jẹ̀. Ó ní oògùn, praziquantel ni, ilé ìwòsàn ni a ti ń gbà á. Kí a má ṣe tìtorí ìtìjú fi í pamọ́.

Láti November títí di February ni ó dára jù fún ìrìn yìí, nígbà tí àpáta gbẹ. Ní ìgbà òjò, èéwe bo àtẹ̀gùn, ó sì ń yọ̀. Ṣùgbọ́n ìgbà ọ̀gbẹlẹ̀ ni iná ń jó igbó, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má dáná lórí òkè, kí amusìgá má ju èyí tí kò kú sínú koríko. Bí ejò bá bu ènìyàn jẹ, kí a má fi abẹ gé ojú rẹ̀, kí a má sì fi okùn dè é pinpin. Kí a mú kí ẹni náà dákẹ́ jẹ́ẹ́, kí a gbé e sọ̀kalẹ̀, kí a sì sáré gbé e dé ilé ìwòsàn.

Ìsọ̀kalẹ̀ ni ó ń pa orúnkún lára. Kí wọ́n bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ kí oòrùn tó wọ̀ jìnnà, kí àgbà fi ọ̀pá tilẹ̀, kí ọmọdé má sáré. Obìnrin aláṣọ tí ó jókòó sí ibòòji yóò ti sinmi tó, yóò sì bá wọn padà sí Ìsẹ́yìn, níbi tí yóò ti fọwọ́ kan aṣọ òkè lórí òfì, tí yóò sì ná an gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ rẹ̀. Bí wọ́n bá lọ ní ọjọ́ Ẹtì, wọn yóò ti padà sí Ìsọlọ̀ ní ọjọ́ Àìkú. Ẹsẹ̀ yóò máa ro wọ́n ní ọjọ́ Ajé. Omi gbígbóná àti ìrìn díẹ̀ yóò tú u, ọjọ́ Ìṣẹ́gun yóò sì bá wọn nídìí ẹrù.